Àyà Ló Fi Kanlẹ̀ Láàárín Agbo

Wọ́n ti da ọ̀dà sí ojú ọ̀nà òkè tó ti Ìkògòsì wọ Ẹ̀rìjìyàn báyìí, mọ́tò méjì sì ń pàdé níbẹ̀ láìfarakanra. Kò rí bẹ́ẹ̀ láyé ìgbà tí à ń wí yìí. Ẹni kan ṣoṣo ni ọ̀nà náà gbà. Bí ẹni tó ń gòkè bá pàdé ẹni tó ń sọ̀, ọ̀kan ní láti yà fún èkejì, tàbí kí wọ́n kọjú síra wọn bí àgbò méjì títí ilẹ̀ á fi ṣú.

Khàdíjàt, ọmọ Yàkúbù oníṣòwò obì, ló ń sọ̀ lówùúrọ̀ ọjọ́ náà. Agbọ̀n obì wà lórí rẹ̀, ìrì sì ń kán láti orí ewé kòkó sí èjìká rẹ̀. Ó rí ọkùnrin kan tó ń gòkè bọ̀, tó gbé odindi ìtì igi lé èjìká láti fi wá agbára ìjà, tí òógùn ti bò bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde nínú odò.

"Yà fún mi," ni ọkùnrin náà wí, bó ti ń mí hẹlẹhẹlẹ.

"Èmi? Kí n yà fún ẹni tó ru igi lásán? Obì ni mo rù, wọ́n sì ń dúró dè é lọ́jà Arámọ̀kọ. Ta ló ń dúró de igi tìrẹ?"

"O ò mọ̀ mí ni?"

"Mo mọ̀ ọ́ dáadáa. Fáṣuyì ọmọ Fájẹ́misìn, akọni tí ẹ̀yìn rẹ̀ ò kanlẹ̀ rí. Ẹ̀yìn rẹ ni mo gbọ́ pé kì í kanlẹ̀, n kò gbọ́ pé ẹsẹ̀ rẹ kì í yà lọ́nà."

Ẹ̀rín pa Fáṣuyì. Ó fi ẹsẹ̀ kan sẹ́yìn láti yà fún un. Àṣé ewé kòkó tó ti rà ló fẹsẹ̀ lé. Ẹsẹ̀ yọ̀, igi fò lọ sínú igbó, ọmọkùnrin náà sì nà gbalaja sílẹ̀, ẹ̀yìn rẹ̀ lu ilẹ̀ gbàmù!

Khàdíjàt wo ọ̀tún, ó wo òsì. Kò sí ẹ̀dá alààyè kankan nítòsí. Nígbà náà ló bú sẹ́rìn-ín, ó fi ọwọ́ méjèèjì di agbọ̀n rẹ̀ mú kí obì má baà dànù.

"Jọ̀ọ́," ni Fáṣuyì wí látilẹ̀ níbi tó nà sí, "má sọ fún ẹnikẹ́ni."

"Kí ni n máa gbà?"

"Ohunkóhun tí o bá fẹ́."

"Ó dáa. Má ì tíì san án. N óò máa rò ó."

Ó gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá, kò sì wẹ̀yìn. Ṣùgbọ́n nígbà tó fi dé ìsàlẹ̀ òkè, ó ti ń rẹ́rìn-ín músẹ́ láìmọ̀, ọkàn rẹ̀ sì fúyẹ́ ju agbọ̀n rẹ̀ lọ.

Ẹni tí kò bá mọ ohun tí ìjàkadì jẹ́ ní Ẹ̀rìjìyàn ayé ìgbà náà kò lè mọ ìdí tí Fáṣuyì fi bẹ̀bẹ̀ bẹ́ẹ̀. Lọ́dọọdún, nígbà ọdún Ògún, gbogbo ìlú á pé síbi agbo ìjà, ìgbàgbọ́, ìmàle àti abọgibọ̀pẹ̀, nítorí pé agbo ìjà kò ní ẹ̀sìn. Ẹni tó bá borí ni wọ́n máa ń fi ẹ̀gbà irin sí lọ́wọ́. Láti ayé bàbá Fájẹ́misìn ni ẹ̀gbà náà ti wà nílé wọn. Bàbá rẹ̀ gbà á, Fájẹ́misìn gbà á, Fáṣuyì náà sì gbà á. Wọ́n ti gbàgbé pé ohun tí à ń gbà ni. Bí ẹni pé wọ́n bí i mọ́ wọn lọ́wọ́ ni.

Òfin kan sì wà. Bí wọ́n bá ti fi eérú yí agbo ká, tí oníjà méjì sì ti wọ inú rẹ̀, ohun yòówù tó bá kan ilẹ̀ lára wọn, yàtọ̀ sí àtẹ́lẹsẹ̀ àti àtẹ́lẹwọ́, onítọ̀hún ti ṣubú nìyẹn. Wọn kì í bèèrè ẹni tó tì í. Ọkùnrin kan wà láyé àtijọ́ tí ẹ̀gún gún nínú agbo. Ó jókòó láti yọ ọ́, bí wọ́n ṣe gba ẹ̀gbà lọ́wọ́ rẹ̀ nìyẹn. Ẹ̀gúndáa ni wọ́n ń pe ilé wọn di òní olónìí.

Nírọ̀lẹ́, àwọn ọ̀dọ́ a máa péjọ sí pápá ilé ìwé, níbi tí Tíṣà Akínwálé ti ń kọ́ wọn ní eré sísá àti bọ́ọ̀lù. Khàdíjàt a máa gbé obì lọ síbẹ̀ tà. Ìyá rẹ̀, Àṣíáwù, tilẹ̀ bi í lọ́jọ́ kan pé, "Khàdíjàt, láti ìgbà wo ni àwọn tó ń gbá bọ́ọ̀lù ti ń jẹ obì?" Khàdíjàt gbé agbọ̀n rẹ̀ rù, ó jáde.

Lọ́jọ́ kan, Tíṣà mú ìwé ìròyìn kan tó ní àwòrán wá. "Ẹ wo àwọn èèyàn yìí. Àwọn ará Sàmóà ni. Erékùṣù ni ilẹ̀ wọn, láàárín òkun lọ́hùn-ún. Lọ́dún tó kọjá ni àwọn náà gba òmìnira."

"Ẹ wo itan rẹ̀!" ni ẹnì kan pariwo. "Itan èèyàn nìyí àbí ìdí ìrókò?"

"Wọ́n ń ja gídígbò bíi tiwa," ni Tíṣà ń bá a lọ. "Bọ́ọ̀lù kan tún wà tí wọ́n ń gbá, ó rí bí ẹyin adìyẹ. Wọ́n á gbá a mọ́ra, wọ́n á máa sá lọ, èèyàn mẹ́fà á sì so mọ́ wọn lẹ́yìn. Wọ́n sì ní eré kan tí wọ́n ń fi kóńdó gbá bọ́ọ̀lù. Odindi abúlé ló máa ń bá odindi abúlé ṣe é, t'ọkùnrin t'obìnrin, t'ọmọdé t'àgbà. Wọ́n á máa kọrin, wọ́n á sì máa jó sí i."

"Obìnrin náà, Tíṣà?" Khàdíjàt ló bèèrè. Ní agbo Ẹ̀rìjìyàn, obìnrin kì í kọjá eérú.

"Obìnrin náà. Wọ́n mọ eré náà dáadáa."

Fáṣuyì gbọn orí. "Tíṣà, bí ẹ bá ní obìnrin Sàmóà ń gbé ọkùnrin ṣubú, kò ní yà mí lẹ́nu o. Mo mọ ọ̀kan tó ṣe é láìfọwọ́ kan onítọ̀hún."

Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín, wọn kò sì mọ ohun tí wọ́n ń rín. Khàdíjàt nìkan ló mọ̀. Ó bojú sínú agbọ̀n obì rẹ̀ bí ẹni tó ń wá nǹkan.

Bí ìfẹ́ ṣe wọlé nìyẹn. Bí Fáṣuyì bá ti ibi omi gbígbóná Ìkògòsì dé, níbi tí àwọn oníjà ti máa ń na iṣan ara wọn, á gba ẹ̀yìnkùlé Yàkúbù kọjá. Kì í pe Khàdíjàt lórúkọ. Oríkì rẹ̀ ló fi ń pè é.

"Àbẹ̀ní mi, ṣé o ti mọ ohun tí o máa gbà?"

"Mo ṣì ń rò ó, akọni orí ewé kòkó."

Khàdíjàt fẹ́ràn rẹ̀ débi pé bí ó bá gbọ́ ìró ẹsẹ̀ rẹ̀, ohun tó bá wà lọ́wọ́ rẹ̀ á bọ́. Fáṣuyì náà kò sì fi ìfẹ́ tirẹ̀ pa mọ́. "Ọjọ́ tí o bá ní kí n má wá mọ́," ni ó wí, "orí òkè ni n óò máa gbé ìtì igi lọ láìsọ̀ mọ́."

Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ kan wà láàárín ilé méjèèjì. Kí wọ́n tó bí Khàdíjàt, Yàkúbù pàápàá jẹ́ oníjà. Igi kì í dá a, èèyàn kì í dá a, títí ó fi pàdé Fájẹ́misìn. Fájẹ́misìn gbé e sókè, ó yí i po, ó sì tẹ́ ẹ sílẹ̀ láàárín agbo lójú gbogbo ìlú. Bí ó ti nà sílẹ̀ tó ń wo ojú ọ̀run, àwọn ọmọdé dá orin sílẹ̀ lọ́gán:

"Yàkúbù wo ojú ọ̀run,
Kí lo rí níbẹ̀?
Yàkúbù, kí lo rí níbẹ̀?"

Orin náà kò kú. Yàkúbù lọ sọ́jà, wọ́n kọ ọ́. Ó gbéyàwó, wọ́n kọ ọ́. Àwọn ọmọ tó kọ ọ́ di bàbá ọmọ, àwọn ọmọ tiwọn náà sì gbà á kọ. Yàkúbù kò jà mọ́ láti ọjọ́ yẹn, kò sì gba àdúgbò Fájẹ́misìn kọjá mọ́.

Fáṣuyì ní kí bàbá òun bá òun lọ tọrọ ọmọ. Fájẹ́misìn wò ó látòkè délẹ̀. "Èmi? Kí n lọ bẹ ẹni tí mo fi ọwọ́ ara mi tẹ́ sílẹ̀? Ọmọ mélòó ló wà ní Ẹ̀fọ̀n àti Ìjerò, tí kò sí èyí tí o rí àfi ti Yàkúbù?"

Tíṣà Akínwálé ló wá bá a lọ. Bí wọ́n ti wọlé, Fáṣuyì dọ̀bálẹ̀ gbọọrọ lórí ẹní. Khàdíjàt wà lẹ́yìn aṣọ ìkélé, ó ń tẹ́tí sílẹ̀.

"Dìde," ni Yàkúbù wí. "Ta ni bàbá rẹ?"

"Ẹ mọ̀ ọ́n, Bàbá."

"Mo mọ̀ ọ́n. Ẹ̀yìn mi pàápàá mọ̀ ọ́n." Ó kọjú sí Akínwálé. "Tíṣà, ẹ jọ̀wọ́ ẹ gbọ́ tèmi. Ìdọ̀bálẹ̀ inú ulé kò tó. Ta ló rí i? Ẹ̀yin àti aláǹgbá. Nígbà tí bàbá ọmọ yìí gbé mi lulẹ̀, gbogbo ìlú ló rí i, wọ́n sì ń kọ ọ́ lórin títí di àárọ̀ yìí. Bí ó bá fẹ́ ọmọ mi, kó wá dọ̀bálẹ̀ fún mi níbi tí mo gbé ṣubú. Lọ́jọ́ ọdún, lójú gbogbo ayé, lẹ́yìn tí wọ́n bá ti da eérú."

"Bàbá Khàdíjàt!" Àṣíáwù kígbe. "Ẹ fẹ́ kí ọmọ ọlọ́mọ sọ ẹ̀gbà nù?"

"Mo fẹ́ mọ èyí tó fẹ́ jù nínú ẹ̀gbà àti ọmọ mi ni. Ṣé mo ṣì wí?"

Ọ̀rọ̀ náà dé etí Fájẹ́misìn kó tó di ọ̀sán. Tirẹ̀ kúrú. "Fáṣuyì, bí ẹlòmíràn bá dá ọ, ọmọ mi ṣì ni ọ́. Bí ìwọ fúnra rẹ bá sùn sílẹ̀ fún Yàkúbù, má wọ ulé mi mọ́."

Khàdíjàt wá a lọ sí ojú ọ̀nà òkè, níbi tí wọ́n ti kọ́kọ́ pàdé. Inú ń bí i sí bàbá tirẹ̀, ó ń bí i sí bàbá Fáṣuyì, ó sì ń bí i sí gbogbo ẹni tó ti kọ orin náà rí.

"Mo ti mọ ohun tí n óò gbà," ni ó wí.

"Wí i, Àbẹ̀ní mi."

"Jà, kí o sì borí. N kò fẹ́ ọkọ tí wọn yóò máa kọ lórin. Bí bàbá mi bá fi èyí kọ̀ ọ́, èmi náà yóò kọ gbogbo ọkọ tí ó bá mú wá. N óò hu ewú sí ulé rẹ̀, kó máa wò mí lójoojúmọ́. Agídí tó ní, òun náà ló fi bí mi."

Fáṣuyì wò ó títí. "Ṣé ohun tí o fẹ́ gbà nìyẹn?"

"Òun ni. O ṣèlérí."

Fáṣuyì gbé ìtì igi rẹ̀, ó sì ń gòkè lọ.

Nígbà tó di ọjọ́ ọdún, àwọn ará Arámọ̀kọ wá, àwọn ará Ìlóro àti Ìjurìn pàápàá wá. Àgbàlagbà Ìbíyẹmí, tó jẹ́ olórí agbo, fi eérú yí ilẹ̀ ká. Fájẹ́misìn jókòó níwájú, ó gbé àyà sókè. Yàkúbù dúró lódìkejì nínú agbádá funfun. Àwọn ọmọdé ti rí i, wọ́n sì ti ń rọra kọrin wọn lábẹ́ ẹnu. Khàdíjàt wà láàárín àwọn obìnrin, ẹsẹ̀ rẹ̀ súnmọ́ eérú pẹ́kípẹ́kí.

Ọmọ́tọ́ṣọ́ ni wọ́n mú wá bá Fáṣuyì jà, ọmọkùnrin sìgbọnlẹ̀ kan láti ìsàlẹ̀ ìlú. Àwọn méjèèjì wọ agbo. Ìbíyẹmí gbé ọwọ́ sókè.

"Dá a sínú ọbẹ̀!" ni àwọn kan ń kígbe. "Ọmọ́tọ́ṣọ́, o ti jẹun ìkẹyìn!"

Fáṣuyì kò wo Ọmọ́tọ́ṣọ́. Ó yí padà, ó rìn lọ sí ẹ̀bá ibi tí Yàkúbù dúró sí, inú eérú ni ó ṣì wà. Khàdíjàt rí i, ó sì mọ ohun tó fẹ́ ṣe.

"Fáṣuyì, má ṣe é!"

Ó ti ṣe é. Ó nà gbọọrọ. Àyà rẹ̀ kan ilẹ̀, àgbọ̀n rẹ̀ kan ilẹ̀, eérú sì kùn ún lójú.

Ariwo sọ. "Ó ti ṣubú!" "Ta ló dá a?" "Obìnrin ló dá a!" "Áà, ilé Fájẹ́misìn ti bàjẹ́!" Àwọn ọmọdé ti ń wá orin tuntun. Ọmọ́tọ́ṣọ́ dúró láàárín agbo, ó la ọwọ́ sílẹ̀ bí ẹni tí wọ́n jà lólè. "Èmi ò tíì fọwọ́ kàn án o! Ẹ ní kó dìde, ẹ jẹ́ ká jà!"

Fáṣuyì kò dìde.

Ìbínú gbé Khàdíjàt. Kò mọ ìgbà tó kọjá eérú. Àwọn obìnrin fà á láṣọ, ó já ara rẹ̀ gbà. Ó lọ kúnlẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ Fáṣuyì láàárín agbo tí obìnrin kankan kò wọ̀ rí.

"Ẹ kọ ọ́ lórin!" ó pariwo sí wọn. "Ẹ kọ ọ́, kí ẹ sì fi orúkọ mi sí i! Ọkọ mi ni. Bí ó bá ṣubú, àwa méjèèjì la ṣubú. Bàbá, ẹ̀yin lẹ ní kó wá síbi tí ẹ ti ṣubú. Ó ti dé. Kí ló tún kù?"

Ìbíyẹmí ń bọ̀ wá lé e jáde, ṣùgbọ́n Yàkúbù ti ṣáájú rẹ̀.

Yàkúbù rìn wá díẹ̀díẹ̀. Ó wo ẹ̀yìn ọmọkùnrin náà, ẹ̀yìn gbọọrọ tí kò ní erùpẹ̀ kankan lára.

"Fáṣuyì," ó ní, "èmi wo ojú ọ̀run, wọ́n sì ń bi mí léèrè ohun tí mo rí níbẹ̀. Ìwọ tó dojú kọ ilẹ̀, kí lo rí níbẹ̀?"

"Ẹsẹ̀ yín ni mo rí, Bàbá. N kò wo ibòmíràn."

Yàkúbù bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín náà jáde bí ohun tó ti há sí i láyà láti ìgbà èwe rẹ̀. Ó kọjú sí gbogbo ayé.

"Ẹ ń bèèrè ẹni tó dá a? Èmi Yàkúbù ni mo dá ọmọ Fájẹ́misìn! Láàárín agbo! Ẹ lọ kọ ìyẹn lórin!" Ó bẹ̀rẹ̀, ó di ọmọkùnrin náà lápá, ó fà á dìde. "Mo fún ọ lọ́mọ mi. Nu eérú ojú rẹ."

Ṣùgbọ́n òfin kì í rẹ́rìn-ín. Ìbíyẹmí bọ́ ẹ̀gbà irin náà lọ́wọ́ Fáṣuyì, ó sì fi í sí ọwọ́ Ọmọ́tọ́ṣọ́, tó ń wò ó bí ẹni tí wọ́n gbé ọmọ ọlọ́mọ fún. Fájẹ́misìn dìde, ó ká àga rẹ̀, ó sì gba ilé lọ. Ẹ̀gbà náà kò padà sílé wọn mọ́ títí di òní. Fáṣuyì wo ọrùn ọwọ́ rẹ̀ tó funfun níbi tí irin náà ti bò. Ọkàn rẹ̀ rẹ̀wẹ̀sì díẹ̀, Khàdíjàt sì fi àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ bo ojú ibẹ̀.

Ọ̀dọ̀ Tíṣà ni Fáṣuyì ń sùn títí di ọjọ́ ìgbéyàwó. Kó tó di ọjọ́ náà, Yàkúbù ṣe ohun tí kò ṣe rí láti ìgbà èwe: ó gba àdúgbò Fájẹ́misìn lọ. Nígbà tó délé, ó sọ fún wọn bó ti lọ sí.

"Mo bá a níwájú ilé, ó ń pọ́n àdá. Mo ní, 'Fájẹ́misìn, o dá mi, mo dá ọmọ rẹ. Ó ti di ọ̀kan sí ọ̀kan. Wá jẹun ìyàwó.' Kò dáhùn."

"Kò wí nǹkan kan rárá?" ni Àṣíáwù bèèrè.

"Ó ní kí n kúrò lójú oòrùn, kí n má baà ṣubú fúnra mi."

Lọ́jọ́ ìyàwó, wọ́n ti ṣe yìgì, wọ́n ti ń pín oúnjẹ, nígbà tí Fájẹ́misìn yọ lẹ́nu ọ̀nà, tó gbé ẹrù iṣu lérí.

"Uṣu ni mo gbé wá," ó ní. "N kò gbé ọ̀rọ̀ wá. Kí ẹnikẹ́ni má bi mí ní nǹkan." Ó sọ iṣu kalẹ̀, ó jókòó ti Yàkúbù, ó sì ń wo ọmọ rẹ̀ láti abẹ́ ìpéǹpéjú títí ojú rẹ̀ fi rọ̀.

Ó wá kan ìgbà tí ọkọ ìyàwó máa dọ̀bálẹ̀ fún àwọn àna rẹ̀. Fáṣuyì ká agbádá rẹ̀ sókè, ó ti ń bẹ̀rẹ̀.

"Dúró!" ni Yàkúbù kígbe. "Ẹ má jẹ́ kó dọ̀bálẹ̀. Ọmọ yìí ti dọ̀bálẹ̀ fún mi níbi tí kò sí ẹni tó tún lè dọ̀bálẹ̀ fún àna. Èyí tó ṣe yẹn tó mi dọ́jọ́ ikú. Kó dúró ṣánṣán!"

Bẹ́ẹ̀ ni Fáṣuyì ṣe di ọkọ ìyàwó kan ṣoṣo tí Ẹ̀rìjìyàn rí tó dúró gbọọrọ níwájú àna rẹ̀, tí àgbà kankan kò sì bá a wí. Khàdíjàt wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ìborí bò ó lójú. Ó fi ìgbọ̀nwọ́ kàn án díẹ̀.

"Bàbá mi rò pé òun lẹni àkọ́kọ́ tó dá ọ," ó sọ ọ́ wúyẹ́wúyẹ́.

"Àbẹ̀ní, jọ̀ọ́. Bàbá mi wà níbí. Má sọ fún ẹnikẹ́ni."

"Kí ni n máa gbà?"

Ọkọ rẹ̀ wo iwájú gangan bí ọmọlúàbí, ṣùgbọ́n ẹ̀rín ti gba gbogbo ojú rẹ̀.

"Ohunkóhun tí o bá fẹ́."